Bí Ẹ Ṣe Máa Se Stuffing Búrẹ́dì Pẹ̀lú Ápù àti Cranberry fún Ọjọ́ Thanksgiving

Bí oṣù kọkànlá bá ti wọlé báyìí, ìbéèrè méjì ni àwọn èèyàn máa ń bi mí ṣáá. Àkọ́kọ́: “Ẹ jọ̀ọ́ mà, kí ló dé tí stuffing mi máa ń dà bí ẹ̀bà?” Èkejì: “Ṣé búrẹ́dì Agége ṣeé fi sè é?” Agége ṣeé lò, àmọ́ ó ní bí a ṣe ń lò ó, màá dé ibẹ̀. Ní ti ẹ̀bà yẹn, ẹ má wulẹ̀ di ẹ̀bi ru oven. Búrẹ́dì yín ni kò gbẹ tó kí ẹ tó da omi sí i.

Fún ẹ̀yin tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ dé Amẹ́ríkà, tàbí tí ẹ fẹ́ ọmọ ibẹ̀ tí wọ́n sì ní ẹ gbé nǹkan kan dání wá sílé àna: búrẹ́dì gbígbẹ tí wọ́n gé wẹ́wẹ́ ni stuffing. Wọ́n á pò ó mọ́ àlùbọ́sà tí wọ́n fi bọ́tà dín, celery (ewébẹ̀ tí wọ́n ń jẹ igi rẹ̀), ewé olóòórùn dídùn bíi sage, thyme àti parsley, ẹyin àti omi ẹran, wọ́n á wá yan án títí òkè rẹ̀ á fi gbẹ kàrakàra, tí inú rẹ̀ á ṣì rọ̀. Ẹ̀gbẹ́ tòlótòló ló máa ń wà ní Ọjọ́ Thanksgiving, ìyẹn Ọjọ́bọ̀ kẹrin oṣù kọkànlá. Oúnjẹ oníyọ̀ ni, kì í ṣe kéèkì. Ápù àti cranberry (èso pupa kékeré tó kan) wà nínú tèmi kó lè kan díẹ̀ lẹ́nu, kí ọ̀rá tòlótòló má baà tètè sú èèyàn. Ẹni tó bá fi èso aládùn kún un ti sọ ọ́ di nǹkan mìíràn.

Inú tòlótòló ni àbí inú páànù?

Ẹ pinnu èyí kí ẹ tó lọ sọ́jà. Inú páànù ni èmi fara mọ́. Stuffing tó bá wà nínú tòlótòló, omi ara ẹran tútù ló ń kán sínú rẹ̀, nítorí náà àárín rẹ̀ gbọ́dọ̀ gbóná dé 165°F (74°C) kó tó ṣeé jẹ láìséwu. Kí àárín yẹn tó gbóná tó bẹ́ẹ̀, ẹran àyà tòlótòló ti gbẹ táútáú. Yàtọ̀ sí ìyẹn, inú páànù nìkan ni òkè rẹ̀ ti ń yan dáadáa, òkè yẹn gan-an sì ni àwọn ọmọ máa ń jà lé lórí.

Bí ìyá ọkọ yín bá ní inú tòlótòló ló gbọ́dọ̀ wà dandan, ẹ má bá wọn jiyàn. Mo ti kọ bí ẹ ṣe máa ṣe é sísàlẹ̀.

Ohun tí ẹ máa rà

Èyí tó èèyàn mẹ́jọ sí mẹ́wàá, nínú páànù oven tó fẹ̀ ní ínṣì 9, tó sì gùn ní ínṣì 13. Ife tí mò ń sọ ni ife ìwọ̀n àwọn ará Amẹ́ríkà, tó gba nǹkan bí 240 ml.

- Búrẹ́dì páùn kan ààbọ̀ (nǹkan bí 680 gíráàmù); tí ẹ bá gé e tán, ó máa tó ife mẹ́rìnlá
- Bọ́tà ọ̀pá kan àti ṣíbí ńlá méjì (nǹkan bí 140 gíráàmù), àti díẹ̀ tí ẹ máa fi pa páànù
- Àlùbọ́sà ńlá méjì
- Celery igi mẹ́rin
- Ápù aláwọ̀ ewé ńlá méjì
- Cranberry gbígbẹ, ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin ife
- Omi adìyẹ tàbí omi tòlótòló tí iyọ̀ rẹ̀ kò pọ̀, ife mẹ́ta. Kí ìdajì ife mìíràn wà ní ìpamọ́
- Ẹyin méjì
- Sage tútù tí ẹ rẹ́ wẹ́wẹ́, ṣíbí ńlá méjì (gbígbẹ: ṣíbí tíì méjì)
- Thyme tútù, ṣíbí ńlá kan (gbígbẹ: ṣíbí tíì kan)
- Parsley, ẹ̀kúnwọ́ kan
- Iyọ̀ ṣíbí tíì kan, black pepper ìdajì ṣíbí tíì
- Ata rodo ìdajì, tí ẹ ti yọ kóró inú rẹ̀, bó bá wù yín

Kọ́rì kò sí níbẹ̀. Mo mọ̀ pé ọwọ́ yín máa fẹ́ lọ bá agolo rẹ̀, ẹ dá ọwọ́ dúró. Sage ló ni oúnjẹ yìí, kọ́rì á bò ó mọ́lẹ̀ pátápátá. Maggi náà kò sí níbẹ̀, nítorí omi ẹran tí ẹ rà nínú páálí ti ní iyọ̀, bọ́tà lè ní iyọ̀, búrẹ́dì fúnra rẹ̀ ní iyọ̀.

Búrẹ́dì wo?

Èyí tí èèpo rẹ̀ le, tí inú rẹ̀ kò sì ki jù: búrẹ́dì Faransé gígùn, ti Ítálì, tàbí sourdough (búrẹ́dì tó máa ń kan díẹ̀). Ẹ má gé èèpo rẹ̀ dànù. Èèpo yẹn ni kì í jẹ́ kí gbogbo rẹ̀ wó pọ̀ mọ́ra nígbà tí omi bá dé. Búrẹ́dì inú ọ̀rá tí wọ́n ti gé sílẹ̀ rọ̀ jù fún un, àmọ́ bó bá jẹ́ òun nìkan ló wà nílé, ẹ gbẹ ẹ́ pẹ́ díẹ̀ sí i, ẹ sì dín omi kù ní ìdajì ife.

Agége ńkọ́? Inú rẹ̀ ki, ó sì ní ṣúgà. Kíki rẹ̀ ni kì í jẹ́ kó tètè gbẹ, ṣúgà rẹ̀ ló sì ń jẹ́ kó yára pọ́n. Nítorí náà iná kékeré ni kí ẹ fún un: 250°F (120°C), fún nǹkan bíi wákàtí kan ààbọ̀, kí ẹ máa yí i padà lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ gé e kéré sí ti àwọn yòókù, ìdajì ínṣì péré. Tí ẹ bá sì ti lo Agége, cranberry gbígbẹ aládùn kò gbọ́dọ̀ bá a wọ inú páànù. Tútù tó kan ni kí ẹ wá. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ẹ máa se stuffing lọ, ẹ ó sì gbé pudding síwájú àlejò. Òfin kan náà ló de challah àti brioche, àwọn búrẹ́dì aládùn míì. Tí ẹ bá ti tẹ̀lé èyí, Agége máa ń dára gan-an, ó máa ń ní ara ju àwọn búrẹ́dì òyìnbó kan lọ.

Àwọn tó ń ra èyí tí wọ́n ti gbẹ sínú ọ̀rá ní supermarket, kò sóhun tó burú ńbẹ̀. Búrẹ́dì tó ti gbẹ fúyẹ́, torí náà ife mẹ́rìnlá ni kí ẹ fi wọ̀n ọ́n, ẹ má fi páùn. Ẹ ka ẹ̀yìn ọ̀rá náà: bí wọ́n bá ti fi iyọ̀ àti sage sí i, ẹ má fi tiyín sí i títí ẹ ó fi tọ́ ọ wò.

Èso wo?

Ápù aláwọ̀ ewé tí wọ́n ń pè ní Granny Smith ni kí ẹ wá. Ó kan, ó sì le, iná kì í tètè yọ́ ọ. Honeycrisp náà dára fún ẹni tó fẹ́ adùn díẹ̀. McIntosh máa yọ́ dànù kí búrẹ́dì tó pọ́n, bẹ́ẹ̀ ni Red Delicious máa ń ṣe yẹ̀pẹ̀yẹ̀pẹ̀ lẹ́nu. Èmi máa ń bó èèpo ápù, àmọ́ kò pọn dandan.

Cranberry gbígbẹ tí ẹ bá rí lórí àtẹ, wọ́n ti fi ṣúgà sí púpọ̀ nínú wọn. Ẹ wá èyí tí ṣúgà rẹ̀ dín kù. Èyí tútù kan gidigidi. Àsìkò yìí ló sì pọ̀ lọ́jà, nítorí pé láàárín oṣù kẹsàn-án sí oṣù kọkànlá ni wọ́n ń kórè rẹ̀ ní Wisconsin àti Massachusetts. Ife kan ni kí ẹ lò, ẹ gé e sí méjì méjì, kí ẹ fi ṣúgà ṣíbí ńlá kan pò ó.

Bí kò bá sí cranberry, ẹ lè lo èso àjàrà gbígbẹ, apricot gbígbẹ, prune tàbí ṣẹ́rì gbígbẹ. Èso àjàrà gbígbẹ dùn jù fún èmi, nítorí náà mo máa ń rẹ ẹ́ sínú zobo gbígbóná tí kò ní ṣúgà fún ogún ìṣẹ́jú, kí n tó sẹ́ ẹ. Kíkan zobo máa wọ̀ ọ́ lára.

Ọ̀pẹ òyìnbó kọ́. Omi rẹ̀ pọ̀ jù, ti inú agolo sì tún burú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn tó ń béèrè dódò, mo gbọ́ yín, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí dódò wà nínú àwo tirẹ̀.

Ọjọ́rú: iṣẹ́ àṣesílẹ̀

1. Ẹ gé búrẹ́dì ní ìwọ̀n ínṣì kan sí ínṣì kan. Ọ̀bẹ eléyín ni kí ẹ lò kó má baà tẹ̀ pẹrẹsẹ. Ẹlòmíràn máa ń fi ọwọ́ ya á. Ìyẹn dára, etí rẹ̀ máa ń gbẹ kàrakàra ju ti ọ̀bẹ lọ.

2. Ẹ tẹ́ ẹ sórí tíréè oven méjì, kó má gun ara wọn. Ẹ fi iná sí 275°F (135°C), kí ẹ gbé e wọlé fún ìṣẹ́jú márùndínláàádọ́ta sí wákàtí kan. Bó bá dé ìdajì, ẹ yí i padà, kí tíréè òkè wá sí ìsàlẹ̀.

3. Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò. Ẹ mú èyí tó tóbi jù láàárín tíréè, kì í ṣe ti etí, kí ẹ fi àtàǹpàkò àti ìka tẹ̀ ẹ́. Ó gbọ́dọ̀ fọ́ pẹ̀ẹ́, kó sì di ẹ̀rúnrún títí dé àárín. Bó bá tẹ̀ wọlé kó tó fọ́, ọ̀rinrin ṣì wà nínú rẹ̀. Ẹ dá a padà fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Gbígbẹ ni a ń wá o, a ò wá pípọ́n.

4. Ẹ jẹ́ kó tutù pátápátá lórí tábìlì, kí ẹ fi aṣọ ìnuwọ́ mímọ́ bò ó títí di ọjọ́ kejì. Bí ẹ bá kó o sínú ọ̀rá nígbà tó ṣì lọ́ wọ́ọ́wọ́, ooru rẹ̀ á sọ ọ́ di rírọ̀ padà, gbogbo wàhálà á sì di asán.

5. Ẹ gé àlùbọ́sà àti celery, ẹ kó wọn sínú fíríìjì. Ẹ má tíì gé ápù, ó máa dúdú. Ẹ má sì pò búrẹ́dì mọ́ omi àti ẹyin lálẹ́ yìí kí ẹ lè yára lọ́la: àdàpọ̀ tútù tó bá sùn mọ́jú lè kó àìsàn bá èèyàn. Ohun gbígbẹ lọ́tọ̀, ohun olómi lọ́tọ̀, títí yóò fi ku díẹ̀ kó wọ inú oven.

Ọjọ́bọ̀: sísè

6. Ẹ tan oven sí 350°F (177°C). Ẹ fi bọ́tà pa inú páànù.

7. Ẹ yọ́ bọ́tà ọ̀pá kan nínú páànù ìdín ńlá lórí iná tí kò pọ̀. Ẹ da àlùbọ́sà àti celery sí i pẹ̀lú iyọ̀, kí ẹ máa rò ó fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí méjìlá. Ẹ ò dín ọbẹ̀ ata: a ò fẹ́ kí àlùbọ́sà pọ́n, a fẹ́ kó rọ̀, kó máa dán. Tí ẹ bá ń gbọ́ ariwo ṣááá, iná ti pọ̀ jù. Ata rodo wọlé níbí, bí ẹ bá fẹ́ ẹ.

8. Ẹ gé ápù ní ìdajì ínṣì, ẹ dà á sí i fún ìṣẹ́jú mẹ́ta sí mẹ́rin. Kí etí rẹ̀ rọ̀, kí àárín rẹ̀ ṣì le. Inú oven ni yóò ti parí iṣẹ́.

9. Ẹ da sage, thyme, black pepper àti cranberry sí i, ẹ rò ó títí òórùn sage á fi gba ilé ìdáná, kí ẹ pa iná. Parsley ló kẹ́yìn.

10. Ẹ kó búrẹ́dì sínú abọ́ tó tóbi jù nílé. Abọ́ tí ẹ fi ń po mọ́ínmọ́ín dára. Ẹ da ohun inú páànù lé e lórí. Ẹ gbé ife omi ẹran méjì kaná kó gbóná, kí ẹ máa wọ́n ọn yí ká, kì í ṣe ojú kan. Ẹ fi ṣíbí igi ńlá máa gbé e láti ìsàlẹ̀ wá sókè. Ẹ fi sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú márùn-ún kí búrẹ́dì mu omi.

11. Ẹ tọ́ ọ wò báyìí, kí ẹyin tútù tó wọ̀ ọ́. Ìgbà yìí ni iyọ̀ ṣeé tún ṣe.

12. Ẹ lu ẹyin méjì mọ́ ife omi ẹran kan tó kù. Omi yìí gbọ́dọ̀ tutù, bí ó bá gbóná ẹyin á dì. Ẹ dà á sí i, ẹ pò ó pẹ̀lú sùúrù.

13. Ẹ bu ẹ̀kúnwọ́ kan, ẹ rọra fún un. Ó gbọ́dọ̀ di ara wọn mú, àmọ́ omi kò gbọ́dọ̀ jò láàárín ìka yín, bẹ́ẹ̀ ni omi kò gbọ́dọ̀ dúró sí ìdí abọ́. Bí àárín búrẹ́dì bá ṣì le, ẹ fi omi ìpamọ́ yẹn kún un díẹ̀díẹ̀. Bí omi bá ti pọ̀ jù, búrẹ́dì gbígbẹ ni kí ẹ fi kún un. Ẹ fọ ọwọ́ yín lẹ́yìn náà. Ẹyin tútù ti wà níbẹ̀.

14. Ẹ kó o sínú páànù. Ẹ má fi ṣíbí tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Jákujàku ni kí òkè rẹ̀ rí. Àwọn ṣóńṣó tó yọ sókè ló ń gbẹ kàrakàra. Ẹ fi bọ́tà ṣíbí ńlá méjì tó kù sórí rẹ̀ káàkiri ní jíń-jìn-jín.

15. Ẹ fi fọ́ìlì bò ó, kó wọ oven fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Ẹ ṣí fọ́ìlì kúrò, kó tún lo ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sí márùndínlọ́gbọ̀n, títí òkè á fi pọ́n. Ẹ ki tẹmómítà bọ àárín: 165°F. Tẹmómítà oúnjẹ kò wọ́n, ẹ rà á. Tòlótòló náà ṣáà nílò rẹ̀.

16. Kó sinmi fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí ẹ tó bù ú.

Bó bá jẹ́ oven kan ṣoṣo lẹ ní

Tòlótòló tó bá jáde nínú oven gbọ́dọ̀ sinmi kí ẹ tó gé e, ńlá sì lè sinmi dé ìṣẹ́jú márùndínláàádọ́ta lábẹ́ fọ́ìlì kó má tutù. Àyè stuffing nìyẹn. Bí àkókò bá há, ẹ ti páànù náà tòun ti fọ́ìlì rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ tòlótòló nígbà tó bá ku nǹkan bí ogójì ìṣẹ́jú kí ẹran jáde, kódà bí iná bá jẹ́ 325°F. Bí ẹran bá ti jáde, ẹ ṣí fọ́ìlì, ẹ gbé iná lọ sí 400°F (204°C), kí ẹ máa ṣọ́ ọ. Kì í pẹ́ pọ́n ní ìwọ̀n yẹn.

Bó bá di dandan kó wọ inú tòlótòló

- Tòlótòló gbọ́dọ̀ ti yọ́ tán pátápátá, kó má sí yìnyín kankan nínú rẹ̀.
- Bí ẹ bá fẹ́ fi sọ́séèjì tàbí ẹran kankan sí stuffing, ẹ ti sè é jinná tẹ́lẹ̀.
- Ìwọ̀n rẹ̀ kò gbọ́dọ̀ ju ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin ife fún páùn tòlótòló kọ̀ọ̀kan. Ẹ má kì í pinpin. Búrẹ́dì á wú. Èyí tó bá ṣẹ́kù, ẹ yan án nínú páànù.
- Bí ẹ bá ti kó o sínú rẹ̀ báyìí, oven ló kàn. Kò sí pé ẹ ń lọ wẹ̀ ná. Iná oven kò gbọ́dọ̀ dín sí 325°F (163°C).
- Ẹ wọn ooru àárín stuffing àti ti ẹran lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Bí ẹran bá ti dé 165°F tí stuffing kò tíì dé e, kò tíì jinná, ẹ dá gbogbo rẹ̀ padà.
- Lẹ́yìn tó bá jáde, ẹ dúró fún ogún ìṣẹ́jú, kí ẹ tó kó gbogbo stuffing jáde.

Ẹni tó bá fẹ́ dín tòlótòló rẹ̀ nínú agbada epo, tàbí tó fẹ́ yan án lórí ẹ̀yinná, kò gbọ́dọ̀ fi ohunkóhun sínú rẹ̀.

Ibi tí ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣì í

*Ó rọ̀ jọ̀ọ̀.* Búrẹ́dì kò gbẹ, tàbí ẹ da gbogbo omi sí i lẹ́ẹ̀kan. Bó bá ti wà nínú páànù, ẹ ṣí fọ́ìlì, ẹ tú u ká sórí tíréè tó fẹ̀, kó tún yan ní 400°F. Kò ní dà bó ṣe yẹ, ṣùgbọ́n á ṣeé gbé síta.

*Ó gbẹ jù.* Ẹ wọ́n omi ẹran gbígbóná sí i, ẹ bò ó, kó tún lo ìṣẹ́jú mẹ́wàá.

*Ó níyọ̀ jù.* Omi lásán kò lè gbà yín. Ápù kan sí i àti búrẹ́dì gbígbẹ tí kò ní iyọ̀ lè gbà yín, kí ẹyin tó wọ̀ ọ́. Lẹ́yìn tó ti yan tán, kí gravy (ọbẹ̀ omi ẹran) yín má ní iyọ̀ rárá, ìyẹn nìkan ló kù.

*Ó kàn ń dùn ṣáá.* Búrẹ́dì oníṣúgà pàdé èso oníṣúgà. Ẹ fún ọsàn wẹ́wẹ́ díẹ̀ sí i, kí ẹ fi black pepper kún un.

*Kò ní adùn kankan.* Ẹ yẹ sage yín wò. Èyí tó ti wà nínú kọ́bọ́ọ̀dù láti ìgbà tí ẹ ti kó dé ilé yẹn ti di koríko. Ẹ fi ọwọ́ ra á. Bí òórùn rẹ̀ kò bá jáde, ẹ dà á nù.

Bí ẹ kò bá rí èyí, ẹ lo tọ̀hún

Celery: ata tútù aláwọ̀ ewé àti àlùbọ́sà kan sí i. Adùn rẹ̀ máa yàtọ̀, àmọ́ ó máa dára.

Ẹran: inú ọ̀rá kékeré tí wọ́n fi sínú tòlótòló ni iwe àti ọkàn rẹ̀ wà, ẹ má jù wọ́n nù bí àwọn kan ṣe ń ṣe. Ẹ sè wọ́n kí wọ́n rọ̀, ẹ gé wọn wẹ́wẹ́, ẹ dín wọn pẹ̀lú àlùbọ́sà. Omi tí ẹ fi sè wọ́n, òun gan-an ni kí ẹ fi pò búrẹ́dì. Sọ́séèjì ni ọ̀pọ̀ òyìnbó ń fi sí i, ẹlẹ́dẹ̀ ló sì sábà máa ń jẹ́, torí náà bí Mùsùlùmí bá wà nínú àlejò yín, ti adìyẹ tàbí ti tòlótòló ni kí ẹ rà, kí ẹ sì rí i pé ó jẹ́ hàláàlù.

Ẹni tí kì í jẹ ẹran: omi olú ló dára jù. Ẹ gé olú sí i pẹ̀lú.

Búrẹ́dì àgbàdo: ní gúúsù Amẹ́ríkà, òun ni wọ́n ń lò, pàápàá nílé àwọn aláwọ̀ dúdú. Ó máa ń fọ́ ju búrẹ́dì àlìkámà lọ, nítorí náà ẹ fi ẹyin kan kún un. Kó má jẹ́ èyí tó ní ṣúgà.

Ẹ̀yin ará Lọ́ńdọ̀nù, ọjọ́ Kérésìmesì ni tiyín: 180°C, 160°C bó bá jẹ́ oven onífáànù, tàbí gaasi 4. Bí ẹ bá fẹ́ ṣe é róbótó bí wọ́n ṣe ń ṣe é níbẹ̀, ẹ dín omi kù kó lè di mú, ọgbọ̀n ìṣẹ́jú ti tó o.

Ẹ̀yin tí ẹ wà nílé ní Nàìjíríà láìsí oven: ẹ fi iná kékeré gbẹ búrẹ́dì nínú páànù ìdín, ní ìpín ìpín. Ẹ wá kó àdàpọ̀ náà sínú ìkòkò tí ìdí rẹ̀ nípọn tí ẹ ti fi bọ́tà pa, ẹ dé e pa, iná kékeré, ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Òkè rẹ̀ kò ní pọ́n. Ìdí rẹ̀ ló máa pọ́n, torí náà ẹ dojú ìkòkò dé orí àwo ńlá kí ẹ tó gbé e síwájú èèyàn.

Kí àlejò tó dé

- Ẹ ti tọ́ iyọ̀ wò kí ẹyin tó wọ̀ ọ́?
- Àárín rẹ̀ ti dé 165°F?
- Ẹ ti béèrè ẹni tí ẹ̀pà tàbí pecan kì í bá lára mu, bí ẹ bá fi sí i?
- Ẹ ti pín in sí méjì?

Mo fi èyí tó kẹ́yìn sí i nítorí tiwa ni. Òyìnbó pe àlejò ní aago méjì, wọ́n á dé ní aago méjì. Àwa pe aago méjì, ẹlòmíràn á wọlé ní aago mẹ́fà, á sì fẹ́ jẹun. Oúnjẹ yìí kò gbọ́dọ̀ wà lórí tábìlì ju wákàtí méjì lọ. Nítorí náà, ìdajì lórí tábìlì, ìdajì lábẹ́ fọ́ìlì nínú oven tí kò jẹ́ kó tutù ju 140°F (60°C) lọ, ẹ ó sì wọ́n omi ẹran díẹ̀ sí i kó má gbẹ.

Àjẹkù

Ẹ kó o sínú ike tí kò jìn, kó tètè tutù nínú fíríìjì. Ọjọ́ mẹ́ta sí mẹ́rin ló lè lò níbẹ̀. Láti gbé e gbóná, ẹ wọ́n omi ẹran ṣíbí ńlá kan tàbí méjì sí i, ẹ bò ó, 350°F fún ogún ìṣẹ́jú, kó tún dé 165°F. Microwave máa ń sọ ọ́ di rírọ̀.

Èyí tó wù mí jù ni ti àárọ̀ Ọjọ́ Ẹtì: ẹ lu ẹyin kan sí ife stuffing méjì, ẹ fi ọwọ́ ṣe é pẹlẹbẹ, kí ẹ dín in pẹ̀lú òróró díẹ̀ títí ẹ̀gbẹ́ méjèèjì á fi pọ́n. Ata díndín tó ta dáadáa ni kí ẹ fi jẹ ẹ́, pẹ̀lú ògì gbígbóná.